Máńgòrò tí Hausa ń mu, gbèsè tí Yorùbá ń jẹ

Ẹ BI MÀMÁ OLÙKỌ́

Láti ìgbà tí mo ti fa ọ̀rọ̀ "ń" àti "máa ń" nínú ìtẹ̀jáde tó kọjá, lẹ́tà lórí ọ̀rọ̀-ìṣe ló ń rọ́ wọlé. Mo ti ṣa díẹ̀ nínú wọn. Ẹni tó bi mí bóyá kí òun padà sọ́dọ̀ ọkọ òun àtijọ́, ojú ewé tó kọjú sí èyí ni kó lọ o. Gírámà nìkan ni wọ́n gbà mí láyè láti dá sí níbí.

*Ẹ kú iṣẹ́ o, Màmá Olùkọ́. Hamburg ni èmi àti ọkọ mi ń gbé. Yorùbá ni a ń bá àwọn ọmọ sọ nílé, wọ́n sì ń dá wa lóhùn dáadáa, àmọ́ èyí ẹ̀gbọ́n kò yé sọ pé "Mo bàjẹ́ ìwé rẹ̀" dípò "Mo ba ìwé rẹ̀ jẹ́". Mo tún un ṣe títí, pàbó ló ń já sí. Kí ló dé tí ọ̀rọ̀ yìí fi ń là sí méjì? Báwo ni mo sì ṣe lè ṣàlàyé rẹ̀ fún ọmọ ọdún mẹ́jọ? — Ìyá Àṣàkẹ́, Hamburg*

Ìyá Àṣàkẹ́, àlàyé náà ti wà lẹ́nu ọmọ yín tẹ́lẹ̀. Inú èdè Jámánì tó ń sọ ní ilé ìwé ló wà. Ẹ bi í bó ṣe máa ń sọ fún ọ̀rẹ́ rẹ̀ pé òun máa pè é lórí fóònù. Nínú ìwé atúmọ̀ èdè, odidi kan ni "anrufen". Síbẹ̀, ọmọ Jámánì kankan kì í sọ pé "ich anrufe dich". "Ich rufe dich an" ni wọ́n ń sọ: "rufe" á ṣíwájú, ẹni tí wọ́n ń pè á wà láàárín, "an" á wá gbẹ́yìn. Bẹ́ẹ̀ náà ni "aufmachen", tó jẹ́ ṣíṣí: "Mach die Tür auf", ṣí ilẹ̀kùn. Kí gbólóhùn náà gùn tó ibùsọ̀ kan, "auf" yẹn á dúró dè é níparí.

Ohun tí "bàjẹ́" ń ṣe gan-an nìyẹn. Ọ̀rọ̀-ìṣe ẹlẹ́là ni à ń pè é ní kíláàsì, àwọn ẹgbẹ́ rẹ̀ kò sì kéré: gba Ọlọ́run gbọ́, tan ọmọ jẹ, yí ọkàn padà, tú wọn ká, pa ilẹ̀kùn dé, bá ọmọ wí. Àbọ̀, ìyẹn ohun tí a ṣe nǹkan sí, ló ń la àárín wọn kọjá. Tí àbọ̀ náà bá bọ́ síwájú tó di olùwà, kò sí ẹni tó dúró láàárín mọ́, ni apá méjèèjì bá tún lẹ̀ mọ́ra: "Ìwé náà bàjẹ́", "Èrò túká". Ibẹ̀ ni ọmọ yín ti gbọ́ ọ ní odidi, tó fi rò pé odidi ló yẹ kó máa wà nígbà gbogbo.

Jámánì náà máa ń dà á pọ̀ padà, ṣùgbọ́n ìdí tirẹ̀ yàtọ̀. Lẹ́yìn "weil", tó dúró fún "nítorí pé", ìparí gbólóhùn ni ọ̀rọ̀-ìṣe wọn ń sá lọ. Tó bá débẹ̀, á bá apá rẹ̀ kejì tó ti ń dúró dè é: "weil ich dich anrufe". Tí iṣẹ́ náà bá sì ti parí, wọ́n á ki "ge" bọ àárín: "angerufen", "aufgemacht". Àwa kì í ki nǹkan bọ̀ ọ́. Ìyàtọ̀ mìíràn tún wà tó dùn mọ́ mi. Àwọn ọ̀rọ̀ kéékèèké tó ń tọ́ka ibi, bí "an" àti "auf", ni Jámánì fi ń ṣe apá kejì. Ní tiwa, apá kejì sábà máa ń jẹ́ ọ̀rọ̀-ìṣe tó lè dá dúró fúnra rẹ̀: padà, ká, dé, wí. "Jẹ́" inú "bàjẹ́" nìkan ni kò sẹ́ni tó mọ oko tó ti wá.

Ẹ má kọ́ ọ ní orúkọ gírámà kankan. Ẹ kàn sọ fún un pé bí "anrufen" ni "bàjẹ́" ṣe ń ṣe, kí ẹ sì jẹ́ kó fi orúkọ àwọn ohun tó wà nínú yàrá rẹ̀ sáàárín lọ́kọ̀ọ̀kan. Kó tún fetí sí ohùn. "Bà" wà nísàlẹ̀ nígbà tó bá dá wà, ó gòkè sí àárín nígbà tí ọ̀rọ̀-orúkọ bá tẹ̀ lé e (ba ìwé jẹ́), ó sì padà sísàlẹ̀ níwájú ọ̀rọ̀ arọ́pò-orúkọ (bà á jẹ́, bà mí jẹ́). Ra aṣọ, rà á. Ta iṣu, tà á. Etí ọmọdé á gbé ìyẹn kí àgbàlagbà tó rí i kà tán.

*Màmá, aṣọ ni mò ń tà ní Kantin Kwari, níbí ní Kánò. Hausa mi kò le jù, àfi pé "saya" àti "sayar" máa ń dàrú mọ́ mi lẹ́nu, ẹ sì mọ̀ pé lọ́jà, ẹni tí kò mọ ìyàtọ̀ láàárín rà àti tà, ó ti gbé. "Fita" àti "fito" náà tún wà níbẹ̀. Ṣé ọ̀nà kan wà tí mo lè fi dì í mú? — Alhaja Aláǹkárá, Kánò*

Alhaja mi, ẹ kú ọjà o. Sabon Gari ní Kánò yẹn náà ni wọ́n ti tọ́ mi dàgbà, bàbá mi ń ta páànù, nítorí náà ẹ jẹ́ kí n sọ ọ́ bí mo ṣe gbọ́ ọ ní ṣọ́ọ̀bù. Ìdí ọ̀rọ̀-ìṣe ni kí ẹ máa wò nínú Hausa, kì í ṣe orí rẹ̀. "Na sayi atamfa": mo ra àǹkárá. "Na sayar da atamfa": mo ta àǹkárá. Ọ̀rọ̀ kan náà ni. Ọjà kan náà ló kọjá láti ọwọ́ kan sí èkejì, "-r da" ló ń sọ pé ó ń kúrò lọ́wọ́ ẹni tó ṣe é. Ẹ gbọ́ àwọn yòókù: "fita" ni jáde, "fitar da" ni mú un jáde, "zuba" ni dà á sínú nǹkan, "zubar da" ni dà á nù. Tí ẹ bá ti gbọ́ "da" yẹn lẹ́yìn "r", kí ọkàn yín lọ sí ohun tó ń lọ.

"-o" ní tirẹ̀ ń bọ̀ lọ́dọ̀ wa. "Fita" ni jáde lọ, "fito" ni jáde wá. "Shiga" ni wọlé lọ, "shigo" ni wọlé wá. "Kai" ni gbé e lọ, "kawo" ni gbé e wá. Tí ẹ bá rán ọmọ níṣẹ́ kó lọ ra nǹkan kó sì mú un bọ̀, "sayo" ni. "Wá" wa àti "-o" wọn, iṣẹ́ kan náà ni wọ́n ń ṣe. Àwa ya tiwa sọ́tọ̀ ní ọ̀rọ̀-ìṣe kejì, àwọn so tiwọn mọ́ ìdí ti àkọ́kọ́. Ọmọ ilẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì kan tó ń jẹ́ Parsons ló to gbogbo ìdí wọ̀nyí sí ìpele méje ní ọdún 1960, ìpele rẹ̀ ni wọ́n sì ń lò ní yunifásítì títí di òní. Ẹ̀yin kò nílò ìpele méje láti ta yáàdì mẹ́fà.

Ẹ tún wo ohun tí kì í yí. "Na zo", mo wá. "Ya zo", ọkùnrin náà wá. "Ta zo", obìnrin náà wá. "Sun zo", wọ́n wá. "Zo" dúró gbọin, arọ́pò-orúkọ tó wà níwájú ló ń yí: òun ló ń sọ ẹni tó ṣe é, òun ló sì ń sọ ìgbà. "Zan zo" ni màá wá. Ẹ ò rí i pé àwa náà ti ń ṣe díẹ̀ nínú rẹ̀? "Màá" yẹn, "mo" àti "á" ló gbé ara wọn mì. Tí ẹ bá ń bá oníbàárà obìnrin sọ̀rọ̀, "kin zo" ni, kì í ṣe "ka zo", ì báà jẹ́ ìyá àgbà ni. Ìyẹn ṣòro fún ẹnu Yorùbá tó ti mọ́ lára láti fi "ẹ" bọ̀wọ̀ fún gbogbo àgbà, lọ́kùnrin lóbìnrin.

*Màmá Olùkọ́, ọmọ mi tó wà ní Houston ní ọ̀rọ̀ kò tó nínú èdè wa. Ó ní jẹ, jẹ, jẹ: a jẹun, a jẹ gbèsè, a jẹ oyè, a jẹ ìyà, a jẹ èrè, a jẹ ayé. Ó ní ọ̀tọ̀ọ̀tọ̀ ni òyìnbó ń pe gbogbo wọn. Inú bí mi, ṣùgbọ́n n kò rí èsì fọ̀ sí i. — Bàbá Àkàndé, Ìlọrin*

Ẹ kú ìnáwó ọmọ, Bàbá. Ẹ fi èyí dá a lóhùn: báwo ni òyìnbó ṣe ń fọ́ abọ́, tó ń ṣẹ́ igi, tó ń já okùn, tó sì ń bu búrẹ́dì? "Break" ni. Tí eegun ẹsẹ̀ bá kán, "break" náà ni. Báwo ló ṣe ń fọ aṣọ, tó ń wẹ ara, tó ń bọ́ ojú, tó ń ṣan ọwọ́? "Wash" ni. Kí ó wá sọ fún yín, ní Gẹ̀ẹ́sì, ìyàtọ̀ láàárín kéèyàn wa iṣu, kó ya àgbàdo, kó ká kòkó, kó já ẹ̀fọ́, kó tu ẹ̀pà. Olóko tó bá ní òun fẹ́ ya iṣu, ìyá rẹ̀ á yẹ̀ ẹ́ wò bóyá ara rẹ̀ yá. Ibi tí ọwọ́ wa ti ń ṣiṣẹ́ jù ni a ti ń ya ọ̀rọ̀-ìṣe sọ́tọ̀ọ̀tọ̀ jù.

Ẹ wo gbígbé nǹkan. Kọ́kọ́rọ́, mímú ni. Àpótí, gbígbé ni. Tó bá pọ̀, kíkó ni. Orí ni a fi ń ru ẹrù, ẹ̀yìn ni a fi ń pọn ọmọ. Ní Amẹ́ríkà tí ọmọ yín wà, àwọn Navajo tó ń gbé ní Arizona àti New Mexico fi èyí ju wá lọ fíìfíì. Bí wọ́n bá fẹ́ kí ẹ na nǹkan sí wọn, ọ̀rọ̀-ìṣe fún ohun róbótó tó le yàtọ̀ sí ti ohun gígùn tó le bí ọ̀pá. Ti ohun tó rọ̀ tó gùn bí okùn yàtọ̀. Ti ohun pẹlẹbẹ tó rọ̀ bí aṣọ yàtọ̀. Ti ohun tó wà nínú abọ́ tí kò ní ìdérí yàtọ̀, ti ohun rírọ̀ bí ẹrẹ̀ náà sì yàtọ̀. Wọn ì báà má dárúkọ nǹkan náà rárá, ọ̀rọ̀-ìṣe ti sọ irú ohun tó jẹ́.

Ọ̀rọ̀ jẹ gan-an wá kù. Kì í ṣe àwa nìkan la wà nídìí rẹ̀. Hausa ń fi "ci", tó jẹ́ jẹ, sọ "ci bashi", jẹ gbèsè. Wọ́n fi ń sọ "ci nasara", borí. "Ci jarabawa", yege ìdánwò. "Ci gari", ṣẹ́gun ìlú. Ẹ kọjá sí Lomé: àwọn Ewe ní "ɖu fia", jẹ ọba, "ɖu" kan náà tí wọ́n fi ń jẹun. Ẹ kọjá sí Ghana: àwọn Akan ní "di hene", jẹ ọba, "di" kan náà ni. Láti Kumasi títí dé Ọ̀yọ́, jíjẹ ni wọ́n ń jẹ ọba. Èrò tèmi ni pé ohun tí èèyàn bá jẹ ti di tirẹ̀, kò sẹ́ni tó lè gbà á padà lẹ́nu rẹ̀, bẹ́ẹ̀ sì ni oyè àti èrè. Gbèsè náà wọ inú ẹni, ṣùgbọ́n ìyẹn ní ẹni tó máa jẹ́ kó pọ̀ ọ́.

Ibi tí a ti ya ara wa ni mímu. Ìyà tí àwa ń jẹ, mímu ni Hausa ń mu ún: "sha wahala". Wọ́n ń mu máńgòrò, "sha mangwaro", nítorí omi rẹ̀, bẹ́ẹ̀ ni ọ̀pọ̀ wa kò ní rí ohun tó burú nínú kéèyàn mu ọsàn. Tábà náà, mímu ni, "sha taba". Àwọn ará Tọ́kì ní "sigara içmek", mu sìgá, ẹni tó bá ń sọ Hindi ní India ń mu ún, àwa náà ń mu ún. Òyìnbó Gẹ̀ẹ́sì ló sọ ọ́ di èéfín.

Ohun kan péré ni mo fẹ́ kí ẹ bá mi kìlọ̀ fún ọmọ náà. Jẹ olóhùn àárín àti jẹ́ olóhùn òkè kì í ṣe ọmọ ìyá. "Ó ń jẹ́ Àkàndé", "jẹ́ ìpè", "jẹ́ kó lọ", ẹnikẹ́ni kò jẹun níbẹ̀. Irú àkójọ tí wọ́n ń fi ránṣẹ́ káàkiri lórí WhatsApp, tí wọn kò fi àmì ohùn sí, máa ń da gbogbo wọn sínú ìkòkò kan, ó sì máa ń bí mi nínú láàárọ̀ kùtù.

*Ẹ kúuṣẹ́ o, Mà. Ọmọbìnrin mi ń lọ kọ́ Yorùbá lọ́jọọjọ́ Sátidé níbí ní Peckham. Olùkọ́ wọn sọ pé Yorùbá kò ní "tense", ìyẹn àmì àsìkò lára ọ̀rọ̀-ìṣe. Ọmọ náà wá bi mí pé kí ló dé tí "mo lọ" fi jẹ́ ti àná, tí "mo mọ̀" fi jẹ́ ti ìsinsìnyí, nígbà tí kò sí nǹkan kan lára méjèèjì. N kò mọ ohun tí mo lè sọ. — Ìyá Ọmọ Méjì, London*

Ìyá Ọmọ Méjì, ọmọ yín lọ́pọlọ. Olùkọ́ náà kò purọ́, ṣùgbọ́n ó dákẹ́ láìtíì dé ibi tó yẹ kó dé.

Lọ jẹ́ ohun tí à ń ṣe tó ń parí. Tí a bá sọ ọ́ ní ìhòòhò, a gbà pé ó ti parí: mo lọ, mo jẹ, mo rà á. Mọ̀ kì í parí, ipò ni. Ẹni tó mọ nǹkan lánàá ṣì mọ̀ ọ́n lónìí. Bẹ́ẹ̀ ni fẹ́, ní, gbọ́n, ga, tóbi, dùn. Nítorí náà ìsinsìnyí ni ìhòòhò tiwọn ń tọ́ka. "Ń" náà kì í ṣe àmì ìsinsìnyí gẹ́gẹ́ bí ìwé kan ṣe ń kọ́ àwọn ọmọ. "Mò ń jẹun nígbà tó dé": lánàá ló dé, "ń" sì wà níbẹ̀. Ohun tó ń sọ ni pé nǹkan náà kò tíì parí. Bí nǹkan ṣe ń lọ ni àwọn ọ̀rọ̀ wa kéékèèké ń sọ jù, ọjọ́ tó ṣẹlẹ̀ kò ká wọn lára tó bẹ́ẹ̀. Ibá-ìṣẹ̀lẹ̀ ni wọ́n ń pè é: atẹ́rẹrẹ (ń), bárakú (máa ń), aṣetán (ti).

Ẹ sọ fún un pé Ṣáínà náà kì í yí ọ̀rọ̀-ìṣe. "Qù", lọ, "qù" náà ni fún gbogbo èèyàn àti gbogbo ìgbà. Wọ́n ní ọ̀rọ̀ kékeré kan, "guo", tí wọ́n ń fi sẹ́yìn jẹ láti sọ pé èèyàn ti jẹ irú oúnjẹ kan láyé rẹ̀. Ẹ wá a nínú tiwa: "Mo ti jẹ ẹ́ rí." "Rí" ni! Gẹ̀ẹ́sì ní láti lọ fi "have" àti "ever" tàbí "before" dí i. Ó tún ku èyí tó máa pa ọmọ yín lẹ́rìn-ín: "gāo" ni Ṣáínà ń pe ga, ó sì ń ṣe bíi ga, kò ní kí ẹ fi "jẹ́" síwájú òun. Ẹ jọ̀ọ́, kò túmọ̀ sí pé Beijing la ti ṣí wá. Ó kàn ṣe kòǹgẹ́ ni. Ṣùgbọ́n ó wúlò fún ọmọ tó ń kọ "ilé náà jẹ́ ga" nítorí pé Gẹ̀ẹ́sì ní "is" níbẹ̀. Ga fúnra rẹ̀ ni ọ̀rọ̀-ìṣe, kò nílò olùrànlọ́wọ́.

Faransé ni mo fi ń gba owó oṣù tẹ́lẹ̀, mo sì fẹ́ sọ àṣírí kan. Wọ́n máa ń fi tábìlì ọ̀rọ̀-ìṣe Faransé dẹ́rù bà wá: je parle, tu parles, il parle, ils parlent. Lórí bébà, mẹ́ta nínú wọn yàtọ̀. Lẹ́nu, ohùn kan náà ni mẹ́rẹ̀ẹ̀rin! Tí ẹ bá yọ "je" àti "tu" kúrò, kò sẹ́ni tó máa mọ ẹni tó ń sọ̀rọ̀. Faransé tí wọ́n ń sọ lẹ́nu ń gbára lé arọ́pò-orúkọ bíi tiwa, ìwé ni kò jẹ́ ká rí i.

Nítorí náà, tí mo bá tún rí ìwé Yorùbá tó to "mo jẹ, o jẹ, ó jẹ, a jẹ, ẹ jẹ, wọ́n jẹ" kalẹ̀ kí ọmọ máa há a sórí, màá ya á. Kí ni ọmọ fẹ́ há níbẹ̀, nígbà tí nǹkan kan kò yí? Ibi tí iṣẹ́ wà ni ìyísódì. Mo ti lọ, n kò tíì lọ. Mo máa ń lọ, n kì í lọ. Màá lọ, n kò ní lọ. Kì í ṣe pé "kò" á kàn wọ ibẹ̀ kí ohun gbogbo dúró bó ṣe wà. Àwọn ọmọ London tó ń sọ pé "mo kò máa lọ", ibẹ̀ ni ẹsẹ̀ wọn ti ń yẹ̀. Kí olùkọ́ náà lo wákàtí kan lórí àwọn mẹ́ta yẹn, kó sì fi tábìlì sílẹ̀.

*Màmá mi, akẹ́kọ̀ọ́ ni mí ní Ankara. Olùkọ́ èdè Tọ́kì wa ní tí mo bá sọ pé èèyàn kan wá, mo gbọ́dọ̀ fi hàn nínú ọ̀rọ̀-ìṣe bóyá mo fojú rí i tàbí wọ́n sọ fún mi ni. Kí ni ìyẹn? Ṣé ilé ẹjọ́ ni? — Ọmọ Ẹ̀gbá*

Ọmọ mi, pẹ̀lẹ́. "Ahmet geldi": Ahmet wá, o rí i. "Ahmet gelmiş": Ahmet ti wá, ṣùgbọ́n wọ́n sọ fún ọ ni, tàbí o rí bàtà rẹ̀ lẹ́nu ọ̀nà. Àwa máa ń sọ ọ́ nígbà tó bá wù wá: wọ́n ní, ó jọ pé, mo gbọ́ pé. Ní Tọ́kì, o kò lè sọ̀rọ̀ kọjá láìmú ọ̀kan nínú méjèèjì.

Ṣùgbọ́n má fi "wọ́n ní" nìkan túmọ̀ "-miş". Tó o bá sùn lọ lórí ìwé, tó o sì jí, wàá ní "uyumuşum". Ta ló wá sọ fún ọ? Kò sẹ́ni tó sọ ọ́. Ìwọ fúnra rẹ ló ṣẹ̀ṣẹ̀ mọ̀. Àṣé mo ti sùn lọ! "Àṣé" yẹn ni. Àṣé ó ti dé, àṣé ìwọ ni, àṣé wọ́n ti tà á: fi í dán "-miş" wò, wàá rí i pé ó bá a mu ní ọ̀pọ̀ ibi. Ẹni tó ń pa ààlọ́ ní Tọ́kì náà, òun ló fi ń bẹ̀rẹ̀: "Bir varmış, bir yokmuş", ó wà nígbà kan, kò sí nígbà kan. Kò fẹ́ kí ẹnikẹ́ni bi òun bóyá òun fojú rí ìjàpá.

*Màmá, nọ́ọ̀sì ni mí ní Miami, àwọn ará Haiti la jọ ń ṣiṣẹ́. Lọ́jọ́ kan, ọ̀kan nínú wọn ń ròyìn aláìsàn tó sá jáde, ó ní "se kouri li kouri". Mo lóye rẹ̀ lójú ẹsẹ̀, n kò sì gbọ́ Creole, èdè wọn. Báwo ni? — Nọ́ọ̀sì, Miami*

O lóye rẹ̀ nítorí pé "sísá ni ó sá" ló sọ, ọmọ mi. "Kouri" wá láti ara "courir" ti Faransé, "se" wá láti ara "c'est", ìyẹn ni "ni" tìrẹ. Ọ̀rọ̀ Faransé ni gbogbo wọn, ṣùgbọ́n má lọ wá irú gbólóhùn bẹ́ẹ̀ ní Paris. Ilẹ̀ wa níhìn-ín ni wọ́n ti ń fa ọ̀rọ̀-ìṣe síwájú láti tẹnu mọ́ ọn, tí wọ́n á sì tún fi òmíràn sílẹ̀ sí ààyè rẹ̀. Àwọn tí wọ́n kó lẹ́rú láti etíkun yìí lọ sí Saint-Domingue, tó di Haiti lọ́dún 1804, ló gbé e lọ.

Má sì tètè ní Yorùbá ni o. Wo ó dáadáa. Àwa kì í gbé ọ̀rọ̀-ìṣe síwájú lásán. A máa ń sọ ọ́ di ọ̀rọ̀-orúkọ ná: sá di sísá, rà di rírà, lọ di lílọ. "Kouri" àkọ́kọ́ àti "kouri" kejì kò yàtọ̀ síra rárá. Àwọn Fọ̀n, aládùúgbò wa ní ẹkùn Àbọ̀mé ní orílẹ̀-èdè Benin, ló ń ṣe bẹ́ẹ̀: ọ̀rọ̀-ìṣe kan náà, lẹ́ẹ̀mejì, láìyí i padà. Àwọn Fọ̀n àti àwọn tó sún mọ́ wọn sì pọ̀ gan-an nínú àwọn tí wọ́n kó lọ sí ibẹ̀. Tí o bá fẹ́ mọ̀ bóyá ó kọjá bẹ́ẹ̀, bi ẹni tó sọ ọ́ léèrè bóun ṣe máa sọ pé kì í ṣe pé aláìsàn náà rìn jáde, sísá ló sá, kí o sì kọ èsì rẹ̀ ránṣẹ́ sí mi ní bó ṣe sọ ọ́ gẹ́lẹ́. Má tún un ṣe.